Wákàtí mẹ́rìndínlógún lórí orin kọ́ńtìrì: bí fíìmù Ken Burns ṣe rí lójú ẹni tó ń kọ ọ̀rọ̀ fún tẹlifíṣọ̀n

Iṣẹ́ tí mo fi ń jẹun ni kíkọ ọ̀rọ̀ tí atọ́kùn máa ń kà bí tẹlifíṣọ̀n bá ń ṣe ètò àkànṣe lórí olórin. Ẹni tó bá ń ṣe irú iṣẹ́ yìí kì í lè jókòó wo ètò ẹlòmíì bí èrò ìwòran lásán. Ojú á wà lára àwòrán, àmọ́ ọkàn á wà lọ́dọ̀ ẹni tó kọ ọ̀rọ̀: kí ló dé tó fi dákẹ́ níbí? Kí ló dé tó fi kọ́kọ́ dárúkọ ìlú kó tó dárúkọ èèyàn? Ojú bẹ́ẹ̀ ni mo fi wo Country Music, fíìmù alápá mẹ́jọ lórí orin kọ́ńtìrì, orin tó ṣẹ̀ lọ́dọ̀ àwọn ará ìgbèríko gúúsù Amẹ́ríkà. Ken Burns, ará Amẹ́ríkà tó ń ṣe fíìmù ìtàn, ló ṣe é, ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n PBS sì gbé e sáfẹ́fẹ́ ní Amẹ́ríkà ní oṣù kẹsàn-án ọdún 2019. Dayton Duncan ló kọ ọ́, Peter Coyote ló kà á. Gbogbo rẹ̀ lé ní wákàtí 16, DVD mẹ́jọ ni wọ́n sì kó o sí.

Kí n tètè là á mọ́lẹ̀, kó má di pé ẹ ń wá èrò mi kiri: ó tó rà. Ohun tó dára jù nínú rẹ̀ ni àwọn ibi tí akọ̀wé ti pa ẹnu rẹ̀ mọ́. Ibi tó kù díẹ̀ káàtó sí ni pé ó fẹ́ràn ìdílé kan jù.

Kí ohun tí mò ń sọ lè yé yín, ẹ jẹ́ ká wo bí wọ́n ṣe sábà máa ń kọ irú ètò yìí. Atọ́kùn á jáde, á rẹ́rìn-ín, á ka gbólóhùn mẹ́rin kúrò lára páálí tí ẹnì kan gbé dání lẹ́gbẹ̀ẹ́ kámẹ́rà. Àlejò á wọlé, àwọn méjèèjì á máa tàkúrọ̀sọ bí ẹni pé kì í ṣe pé wọ́n kọ ọ́ fún wọn. Wọ́n á jọ kọrin kan. Ìpolówó ọjà. Bí ó bá kù díẹ̀ kó parí, orin ìsìn kan á wọlé. Ọ̀nà yìí ni orin kọ́ńtìrì gbà wọ ilé ọ̀pọ̀ èèyàn. Hee Haw, ètò orin àti àwàdà kan, bẹ̀rẹ̀ lórí tẹlifíṣọ̀n CBS ní 1969. CBS yọ ọ́ ní 1971, síbẹ̀ àwọn ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n tó wà káàkiri ìpínlẹ̀ ń rà á, wọ́n sì ń fi hàn títí di 1992. Buck Owens àti Roy Clark ni wọ́n tukọ̀ rẹ̀. Olórin á yọrí jáde láàárín oko àgbàdo orí pèpéle, á ju àwàdà gbólóhùn méjì, á tún bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀. Mi ò fi ṣe yẹ̀yẹ́ o. Ẹni tó bá ti jókòó kọ àwàdà tó gbọ́dọ̀ pa èèyàn lẹ́rìn-ín kí wọ́n tó ṣẹ́jú mọ̀ pé iṣẹ́ gidi ni.

Èyí tó sún mọ́ ohun tí Duncan ṣe ni ètò tí ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n ABC fún olórin Johnny Cash láàárín 1969 sí 1971, tí wọ́n ń yà nínú Ryman Auditorium ní Nashville. Ní oṣù kẹwàá 1970, Louis Armstrong wá jókòó ti Cash níbẹ̀. Ọ̀rọ̀ tó wáyé láàárín wọn kò gùn: pé ní 1930, ní Los Angeles, Armstrong ló fun fèrè fún Jimmie Rodgers, òyìnbó tó wà lára àwọn ìràwọ̀ àkọ́kọ́ orin kọ́ńtìrì, nínú rẹ́kọ́ọ̀dù rẹ̀ kan. Wọ́n sì jọ kọ orin náà. Ó tán. Adúláwọ̀ kan àti òyìnbó kan nínú yàrá kan náà ní 1930, kò sì sí ẹni tó wàásù lé e lórí. Ẹni tó bá gbọ́ ọdún yẹn á rò ó fúnra rẹ̀.

(Bí mo sì ti ń sọ̀rọ̀ ètò àkànṣe yìí: àsìkò tí àwọn èèyàn ò lè gbàgbé nínú ètò ẹ̀yẹ CMA, ẹgbẹ́ tó ń rí sí orin kọ́ńtìrì, akọ̀wé kankan kọ́ ló kọ ọ́. Ní 1975, Charlie Rich ṣí àpòòwé, ó rí orúkọ John Denver gẹ́gẹ́ bí olórin ọdún, ó mú láítà, ó dáná sun ìwé náà níwájú gbogbo ayé, kó tó wá pe orúkọ. Denver wà ní Ọsirélíà, ojú sátẹ́láìtì ló ti ń bá wọn sọ̀rọ̀. Àwa tí à ń kọ páálí fún atọ́kùn, ibi tí iṣẹ́ wa mọ nìyẹn.)

Ó dáa, ẹ jẹ́ ká padà sídìí fíìmù.

Àwòrán ọlọ́dà ni apá kìíní fi bẹ̀rẹ̀. Thomas Hart Benton ló yà á, ó wà ní ilé àkójọpọ̀ Country Music Hall of Fame ní Nashville. Nínú rẹ̀ ẹ ó rí àwọn tó ń ta fáólìn, àwọn obìnrin tó ń kọrin ìsìn, darandaran onígìtá, adúláwọ̀ tó ń ta báńjò, àti ọkọ̀ ojú irin tó ń sáré bọ̀ lẹ́yìn wọn. Benton kú nínú yàrá iṣẹ́ rẹ̀ ní oṣù kìíní 1975 láì tíì fọwọ́ sí i. Akọ̀wé mìíràn ì bá kó gbogbo èyí fún atọ́kùn láti kà. Duncan gbé e fún Kathy Mattea, olórin tó ti fi ìgbà kan rí máa ń mú àlejò káàkiri ilé yẹn gan-an kó tó di ìràwọ̀. Kí wákàtí àkọ́kọ́ tó lọ jìnnà, ẹ ti rí ibi tí orin yìí ti ṣẹ̀, kò sì sí ẹni tó sọ fún yín pé ẹ̀kọ́ ìtàn ti bẹ̀rẹ̀.

Ọgbọ́n tó fi kọ gbogbo rẹ̀ nìyẹn. Coyote á fún wa ní ọjọ́, ìlú, iye owó, á sì yà sí ẹ̀gbẹ́. Ìmọ̀lára di ti ẹni tó wà níbẹ̀. Èèyàn 101 ni wọ́n fọ̀rọ̀ wá lẹ́nu wò, ogójì nínú wọn sì jẹ́ ẹni tí wọ́n ti gbé orúkọ rẹ̀ wọ Hall of Fame láti fi yẹ́ ẹ sí. Iṣẹ́ náà gba ohun tó lé ní ọdún mẹ́jọ. Àwọn òpìtàn tó ń sọ̀rọ̀ níbẹ̀ kò pọ̀, Bill C. Malone ni èmi rántí. Àwọn tó kù jẹ́ olórin, akọrinsílẹ̀, ọmọ olórin. Olóòtú kan wà tí mo bá ṣiṣẹ́ rí, bí mo bá dárúkọ olórin láìfi “gbajúgbajà” ṣíwájú rẹ̀, bírò pupa á fi kún un fún mi. Bó bá di ibi ikú, ó di dandan kí “ikú dóró” wọ̀ ọ́. Mi ò rántí ibi tí Coyote ti ka irú nǹkan bẹ́ẹ̀ nínú fíìmù yìí.

Ẹ wo bí wọ́n ṣe sọ ikú olórin Hank Williams. Ọjọ́ kìíní oṣù kìíní ọdún 1953. Ẹni ọdún 29. Ìjókòó ẹ̀yìn Cadillac. Grand Ole Opry, ètò orin kọ́ńtìrì orí rédíò ní Nashville, ti lé e ní oṣù kẹjọ ọdún tó ṣíwájú. Wọ́n ń gbé e lọ ṣeré ní Canton, ìpínlẹ̀ Ohio, ìgbà tí wọ́n dé Oak Hill ní West Virginia ni wọ́n rí i pé ó ti kú. Ní Canton, wọ́n kéde rẹ̀ fún àwọn èrò tó ti jókòó dè é, àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ sì bẹ̀rẹ̀ sí í kọ “I Saw the Light”. Ọ̀rọ̀ orúkọ àti ọ̀rọ̀ ìṣe nìkan ni gbogbo rẹ̀. Ẹ gbìyànjú láti fi ọ̀rọ̀ àpèjúwe kan kún un, ẹ ó rí i pé ó bà á jẹ́.

Ìran tí mo padà sí léraléra ni ti Dwight Yoakam. Merle Haggard, olórin tó ṣíwájú rẹ̀, ló ń sọ̀rọ̀ lé lórí, pàápàá orin Haggard kan tí wọ́n ń pè ní “Holding Things Together”. Bàbá kan ni ìyàwó rẹ̀ ti fi sílẹ̀ lọ. Ọjọ́ ìbí ọmọbìnrin wọn dé, ìyá ò pè. Bàbá ti ra ẹ̀bùn, ó fi ránṣẹ́ sílé ara rẹ̀ nípasẹ̀ ilé ìfìwéránṣẹ́, ó kọ ọ́ síbẹ̀ pé ọ̀dọ̀ màmá ló ti wá, kí ọmọ má bàa mọ̀. Yoakam bẹ̀rẹ̀ sí í ka ọ̀rọ̀ orin náà láìkọ ọ́ lórin. Nígbà tó dé ibi ẹ̀bùn, ohùn rẹ̀ há. Ó gbìyànjú, kò ṣeé ṣe. Omi bọ́ lójú rẹ̀. Akọrin ńlá lòun náà, ó ti tó ogún ọdún àti jù bẹ́ẹ̀ lọ tó ti ń kọrin níwájú ẹgbàágbèje èèyàn, ẹsẹ orin ẹlòmíì ló dá a dúró. Atọ́kùn kò wọlé ṣàlàyé pé Haggard mọ orin kọ. Kí ni ì bá tún sọ?

Ìlànà yẹn náà ló mú kí Haggard fúnra rẹ̀ wúlò. Ó kú ní ọjọ́ kẹfà oṣù kẹrin 2016, ọjọ́ tó pé ọdún 79, àmọ́ wọ́n ti bá a sọ̀rọ̀ ṣáájú. Àwọn òbí rẹ̀ kó kúrò ní Oklahoma lọ sí California lásìkò ọ̀dá àti òṣì ọdún 1930 sí 1940. Inú ọkọ̀ ojú irin tí wọ́n sọ di ilé ló dàgbà sí. Ó ṣẹ̀wọ̀n ní San Quentin, ibẹ̀ ló ti wo Johnny Cash lójúkojú ní àkọ́kọ́, òun lára ẹlẹ́wọ̀n, Cash lórí pèpéle. Duncan ló kọ fíìmù The Dust Bowl fún Burns ní 2012, ó sì hàn pé ó mọ ojú ọ̀nà tí àwọn èèyàn yẹn gbà. Apá kejì, tó wo 1933 sí 1945, ni ọwọ́ rẹ̀ ti dán jù lórí ilẹ̀ àti ebi.

Bristol náà kò kẹ̀rẹ̀. Ní ìparí oṣù keje ọdún 1927, Ralph Peer gbé ẹ̀rọ ilé-iṣẹ́ rẹ́kọ́ọ̀dù Victor lọ sí Bristol, ìlú tí ààlà Tennessee àti Virginia pín sí méjì, ó ń wá olórin. Láàárín ọ̀sẹ̀ méjì, ìdílé Carter, ìdílé olórin kan, dé, Maybelle nínú wọn lóyún tó ti ga. Jimmie Rodgers náà dé. Ikọ́ ẹ̀gbẹ ti ń jẹ Rodgers ní ẹ̀dọ̀fóró nígbà yẹn. Ní oṣù karùn-ún 1933, ó ń kọrin sínú ẹ̀rọ ní New York, ó ń dùbúlẹ̀ sinmi lórí bẹ́ẹ̀dì kékeré láàárín orin kan sí èkejì. Ọjọ́ méjì lẹ́yìn tó parí, ó kú. Ẹni ọdún 35.

Ẹ̀yin tí ẹ bá ti gbádùn gìtá onírin tí Demola Adepoju ń ta lẹ́yìn King Sunny Adé, etí yín á nà nígbà tí ohùn gìtá yẹn bá wọlé níbí. Ẹ ò ní ṣàlejò rẹ̀.

Ọ̀rọ̀ àwọn adúláwọ̀ nínú ìtàn yìí ni mo ń fojú ṣọ́ láti ìbẹ̀rẹ̀, nítorí ibẹ̀ ni irú fíìmù bẹ́ẹ̀ ti máa ń fi ọwọ́ fẹ́ẹ́rẹ́ kọjá. Duncan kò sá fún un. Olórin adúláwọ̀ Rhiannon Giddens ń sọ̀rọ̀ báńjò, ohun èlò tí àwọn tí wọ́n kó lẹ́rú láti Áfíríkà gbé wá sí Amẹ́ríkà. Lesley Riddle wà níbẹ̀, adúláwọ̀ onígìtá ẹlẹ́sẹ̀ kan tó ń tẹ̀lé A.P. Carter, olórí ìdílé Carter, láti abúlé dé abúlé: Carter á kọ ọ̀rọ̀ orin sílẹ̀, Riddle á fi ohùn rẹ̀ sí orí. Rufus Payne wà níbẹ̀, tí wọ́n ń pè ní Tee Tot, tó kọ́ Hank Williams ní gìtá ní Alabama. DeFord Bailey náà wà níbẹ̀. Hàmóníkà ló ń fun, ọ̀kan nínú ìràwọ̀ àkọ́kọ́ tí Grand Ole Opry ní lórí rédíò WSM ni. Ó máa ń fi fèrè kékeré yẹn fara wé ọkọ̀ ojú irin dé góńgó. Wọ́n dá a dúró ní 1941. Bàtà ló ń dán fún èèyàn ní Nashville láti ìgbà yẹn. Ó kú ní 1982. 2005 ni wọ́n tó gbé orúkọ rẹ̀ wọ Hall of Fame. Àwọn ọdún yẹn tó o, kò nílò àfikún.

Charley Pride, olórin adúláwọ̀, sì wà láyé nígbà náà láti sọ tirẹ̀. Ọmọ Sledge ní Mississippi ni, inú oko òwú ló dàgbà sí. Ilé-iṣẹ́ rẹ́kọ́ọ̀dù RCA gbé àwọn rẹ́kọ́ọ̀dù rẹ̀ àkọ́kọ́ jáde ní 1966 láìfi fọ́tò rẹ̀ sí i, kí àwọn ilé-iṣẹ́ rédíò tó mọ àwọ̀ rẹ̀. Ìgbà tó jáde sórí pèpéle ńlá kan ní Detroit, àtẹ́wọ́ tó ń dún gẹ́gẹ́ bí òjò dá wáí. Ó fi àwọ̀ ara rẹ̀ dá àpárá, pé oòrùn ló sọ òun di dúdú, dúdú náà kò sì ní ṣí. Èrò rẹ́rìn-ín, ó sì bẹ̀rẹ̀ orin. Ní 1971 òun ni CMA fún ní ẹ̀yẹ olórin ọdún. Bó ṣe jókòó níwájú kámẹ́rà, ara rẹ̀ balẹ̀, kò bínú, kò sì díbọ́n pé kò dun òun. Ó kú ní oṣù kejìlá 2020, inú mi dùn pé wọ́n tètè dé ọ̀dọ̀ rẹ̀.

Wàyí o, ohun tí kò tẹ́ mi lọ́rùn.

Johnny Cash pọ̀ jù. Mo mọ ìdí tí Duncan fi ṣe é: wákàtí mẹ́rìndínlógún nílò okùn kan tí á so ó pọ̀, Cash sì fẹ́ June Carter, ọmọ Maybelle, nítorí náà okùn náà ti Bristol dé òpin láìjá. Rosanne, ọmọ Cash, sì mọ ọ̀rọ̀ sọ. Bó bá ti la ẹnu, èèyàn á dákẹ́. Gbogbo ìyẹn dára. Àmọ́ bó bá ti di apá karùn-ún síwájú, a ó ṣẹ̀ṣẹ̀ máa mọ olórin kan dáadáa, wọ́n á ní ká padà lọ wo bí nǹkan ṣe ń lọ nílé Cash. Àwọn tí wọ́n fi ìṣẹ́jú mẹ́rin sọ ìtàn wọn tọ́ sí mẹ́wàá. Olórin Marty Stuart tó ń sọ̀rọ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin kò bí mi nínú ní tirẹ̀, nítorí àpótí ìtàn ni. Ẹ dúró títí ẹ ó fi gbọ́ bó ṣe rí olórin Connie Smith nígbà tó wà lọ́mọdé ní Mississippi, tó sọ fún màmá rẹ̀ pé òun máa fẹ́ obìnrin yìí, tó sì fẹ́ ẹ lóòótọ́ ní 1997.

Ọ̀rọ̀ owó náà, wọ́n fi ọwọ́ ọmọdé mú un. Dọ́là 50 ni Peer ń san lórí orin kọ̀ọ̀kan ní Bristol, ẹ̀tọ́ títẹ orin jáde sì wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ibẹ̀ ni ọrọ̀ wà. Tí Dolly Parton bá kọ̀ láti fi ìdajì ẹ̀tọ́ “I Will Always Love You” sílẹ̀ fún ọ̀gá tó ń ṣètò Elvis, wọ́n á sọ ọ́ dáadáa, nítorí ìtàn aládùn ni. Àmọ́ àwọn tí kò rówó orin wọn gbà, tí wọn ò sì ní ìtàn aládùn kankan, ta ló ń bi wọ́n?

Èyí tó ká mi lára jù ni pé ó dúró ní 1996. Burns ti ń sọ ọ́ látọdún gbọ́nhan pé ohun tí kò bá tíì pẹ́ kì í ṣe ìtàn lójú òun. Mo gbà. Síbẹ̀, oṣù kẹta ọdún 2019 yẹn kan náà ni ìwé ìròyìn orin Billboard yọ “Old Town Road” ti Lil Nas X, olórin adúláwọ̀, kúrò lórí àtẹ orin kọ́ńtìrì, tí gbogbo ayé ń jiyàn pé ta ló ni orin yìí. Oṣù mẹ́fà lẹ́yìn rẹ̀ ni fíìmù tó ti fi Riddle, Payne àti Bailey dá ìbéèrè yẹn lóhùn jáde, kò sì lè dárúkọ rẹ̀. Apá kẹjọ wá rí bí ẹni tó ń sáré kó ẹrù: Garth Brooks, The Judds, Reba, Cash lẹ́ẹ̀kan sí i.

Ọ̀sẹ̀ kan kí fíìmù tó bẹ̀rẹ̀, PBS fi eré kan tí wọ́n ṣe ní Ryman ní oṣù kẹta 2019 hàn láti fi polówó rẹ̀. Olórin á jáde, wọ́n á fi díẹ̀ hàn lára fíìmù, olórin á kọrin. Ó dùn ún gbọ́. Ẹni tó bá mọ fíìmù náà kò ní rí ohun tuntun níbẹ̀. Ẹni tí kò bá tíì mọ̀ ọ́n lè fi ṣe ìtọ́wò.

Máàkì mẹ́jọ nínú mẹ́wàá ni mo fún un. Ẹ má gbìyànjú láti wò ó tán lẹ́ẹ̀kan, apá kan lálẹ́ kan tó. Bí ẹ̀dà tó bá tẹ̀ yín lọ́wọ́ bá ní ọ̀rọ̀ ìsàlẹ̀, ẹ tan án, nítorí ohùn àwọn àgbà orí òkè Appalachia le koko fún ẹni tí kò bá gbọ́ irú rẹ̀ rí. Ẹni tó bá ń kọ ètò bíi tèmi, kó bẹ̀rẹ̀ láti àwo kẹta, ti Hank Williams, kó mú bírò dání, kó máa fa ilà sí gbogbo ibi tí Coyote ti dákẹ́. Àwo kẹjọ lè dúró di ìgbà tí àyè bá wà.